Mo fẹ́ fi fíìmù dọkumẹ́ńtárì nípa ìgboro Àkúrẹ́ ṣe iṣẹ́ òòjọ́: ẹ gbà mí nímọ̀ràn

Ará Ìjàpọ̀:

Ẹ kú ìrọ̀lẹ́, ẹ̀yin àgbà àti ẹ̀yin ẹgbẹ́ mi. Mo ṣe àgùnbánirọ̀ tán ní ọdún tó kọjá, mo sì ti ń ya fídíò ìgbéyàwó àti ti ìsìnkú láti ìgbà tí mo ti wà ní ilé ẹ̀kọ́ gíga. Ohun tó wà lọ́kàn mi jù lọ ni fíìmù dọkumẹ́ńtárì, èyí tó ń fi ìgbé ayé àwọn ará ìgboro hàn bó ṣe rí, láìsí òṣèré, láìsí ìtàn àròsọ. Mo ní kámẹ́rà kan, lẹ́ǹsì méjì àti kọ̀ǹpútà alágbèéká kan tó ti ń darúgbó.

Mo máa ń gba ẹ̀gbẹ́ Ọjà Ọba kọjá ní ìdájí, mo sì máa ń rí màmá kan tó ń fi ẹ̀rọ lọ ata. Kí oníbàárà kankan tó dé, wọn á ti fi omi gbígbóná ṣan ẹnu ẹ̀rọ náà, wọn á fi aṣọ nu ìdí rẹ̀, wọn á wá fa okùn rẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹta. Ẹ̀ẹ̀kẹrin ni ẹ̀rọ náà máa ń tó dáhùn, kì í dáhùn rí kó tó pé ẹ̀ẹ̀kẹrin. Mo gbà pé fíìmù wà nínú ìyẹn. Àmọ́ àwọn òbí mi ń bi mí pé níbo ni owó yóò ti wá, n kò sì ní èsì gidi tí mo lè fún wọn. Ǹjẹ́ ó ṣeé ṣe kí ènìyàn jókòó sí Àkúrẹ́ kí ó máa ṣe irú iṣẹ́ yìí fún ara rẹ̀, láìsí ilé iṣẹ́ tó gbà á sí iṣẹ́? Ibo ni kí n ti bẹ̀rẹ̀?

Oníkámẹ́rà Oǹdó:

Àbúrò mi, o kú ìrònú. Ìbéèrè tí àwọn òbí rẹ ń bi ọ́ yìí ni tèmi náà bi mí nígbà tí mo bẹ̀rẹ̀ ní ìlú Oǹdó. Ó ti lé ní ọdún méjìlá báyìí tí iṣẹ́ yìí ti ń bọ́ mi, nítorí náà n ó sọ ọ́ fún ọ bó ṣe rí. Fíìmù náà fúnra rẹ̀ kì í bọ́ ènìyàn ní ọdún kìíní, kì í sì sábà bọ́ ọ ní ọdún kejì. Iṣẹ́ tó yí i ká ló ń bọ́ ọ: ìgbéyàwó ọjọ́ Sátidé, ilé ẹ̀kọ́ tó fẹ́ fídíò ayẹyẹ ìgboyèjáde, ìjọ tó ń ṣe àjọ̀dún, àwọn àjọ tí kì í ṣe ti ìjọba tó fẹ́ kí wọ́n rí iṣẹ́ tí wọ́n ṣe ní abúlé. Mo pín ọ̀sẹ̀ mi sí ọ̀nà méjì. Ọjọ́bọ̀ títí di Sátidé jẹ́ ti oníbàárà, ọjọ́ Ajé títí di Ọjọ́rú sì jẹ́ ti fíìmù mi. Bí oníbàárà bá pè mí ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun, mo máa ń sọ fún un pé mo wà lẹ́nu iṣẹ́, nítorí pé òtítọ́ ni.

Èyí tó tún ṣe pàtàkì ju owó lọ ni pé kí o má ṣe gbìyànjú láti ya gbogbo ìlú. Ohun tí mo fi ọdún kìíní mi ṣòfò lé lórí nìyẹn. Mo ya oníbúrẹ́dì, mo ya mẹkáníìkì, mo ya àwọn tó ń sá kòkó sí ẹ̀bá títì, mo ya àwọn ilé alájà tí owó kòkó kọ́ láyé àtijọ́, mo sì ń sáré láti àdúgbò kan dé òmíràn. Lẹ́yìn oṣù mẹ́sàn-án, mo ní àwòrán wákàtí 70, ṣùgbọ́n nínú gbogbo àwọn tí mo yà, kò sí ẹnì kan tí mo mọ orúkọ ọmọ rẹ̀. Fíìmù yẹn kò parí títí di òní olónìí. Ní ẹ̀ẹ̀kejì, télọ̀ kan ṣoṣo ni mo dúró tì, mo sì lo ọdún kan àtààbọ̀ lọ́dọ̀ rẹ̀. Ní ọjọ́ tí wọ́n wá fi ọ̀dà pupa kọ nọ́ńbà sára ògiri ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ pé títì yóò gba ibẹ̀ kọjá, èmi ni ó kọ́kọ́ pè, kó tó pe ìyàwó rẹ̀. Nígbà tí mo débẹ̀, ọ̀dà náà kò tíì gbẹ, ó sì dúró síwájú rẹ̀ pẹ̀lú téèpù ìwọnṣọ lọ́rùn, ó ń fi téèpù náà wọn bí ohun tí wọ́n fẹ́ gé ṣe tó láti ojú ọ̀nà. N kò sọ fún un pé kó ṣe bẹ́ẹ̀. Bí n kò bá tíì jókòó tì í fún odindi ọdún, n kì bá tí sí níbẹ̀.

Nítorí náà, màmá tí o rí yẹn ti tó fún ọ. Dúró síbẹ̀.

Ará Òkè-Àró:

Pẹ̀lú ọ̀wọ̀ fún ẹ̀gbọ́n tó sọ̀rọ̀ tán, èrò tèmi yàtọ̀ díẹ̀. Èkó ni àwọn ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n ńlá àti àwọn tó ń ra fíìmù wà, ẹni tó bá sì jókòó sí Àkúrẹ́ yóò ṣòro fún láti pàdé wọn. Mo rò pé kí ó lọ lo ọdún méjì ní Èkó lábẹ́ ẹni tó mọ iṣẹ́ náà dáadáa, kí ó tó padà wálé.

Ọmọ Erékẹ̀sán:

Mo bọ̀wọ̀ fún ìmọ̀ràn yẹn, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí a fi ń dá àjèjì mọ̀ yàtọ̀ sí ọmọ ilé. Màmá mi ta ata ní Ọjà Ọba níwájú ààfin Déjì fún ọdún mẹ́tàdínlọ́gbọ̀n. Ní ọdún kan, àwọn kan gbé kámẹ́rà ńlá wá láti ìlú mìíràn, ọjọ́ tí wọ́n sì ti ọjà nítorí ọdún ìbílẹ̀ Aheregbe ni wọ́n dé. Wọ́n dúró títí tí oòrùn fi mú, wọ́n sì padà lọ. Ọmọ Àkúrẹ́ ì bá ti mọ ọjọ́ náà, ì bá sì ti mọ̀ pé ọjọ́ tí ọjà bá dákẹ́ náà ní ìtàn tirẹ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ó gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ béèrè lọ́wọ́ àwọn àgbà ohun tí ojú lè rí àti ohun tí kámẹ́rà kò gbọdọ̀ yà.

Ẹ̀dùn ọkàn wa nípa kámẹ́rà kò kéré. Ẹnì kan ya màmá mi níbi tí wọ́n ti ń ka owó, a sì rí àwòrán náà lórí fóònù lẹ́yìn oṣù díẹ̀, nínú fídíò kan tó ń fi àwọn ọlọ́jà bú pé wọ́n ń fi ọjà pamọ́ kó lè wọ́n. Màmá mi kò jáde sọ́jà fún ọjọ́ mẹ́rin. Ìdí nìyẹn tí àwọn obìnrin ọjà fi máa ń bo ojú tí wọ́n bá rí lẹ́ǹsì. Kì í ṣe ìtìjú ni.

Bí ẹ bá fẹ́ ya ẹnikẹ́ni lọ́jà, ẹ kọ́kọ́ lọ kí ìyálọ́jà àti olórí ìsọ̀ àwọn tó ń ṣe irú òwò yẹn. Ẹ lọ sọ́dọ̀ màmá náà láìmú kámẹ́rà, kì í ṣe ẹ̀ẹ̀kan, kì í ṣe ẹ̀ẹ̀mejì. Ẹ gbé ata lọ, ẹ jẹ́ kí wọ́n lọ̀ ọ́, ẹ sanwó, kí ẹ sì bá wọn sọ̀rọ̀. Nígbà tí ẹ bá wá gbé kámẹ́rà dé, ẹ sọ ohun tí ẹ fẹ́ fi ṣe, ibi tí wọ́n ti máa rí i, àti ẹ̀tọ́ tí wọ́n ní láti sọ pé kí ẹ pa á nígbàkígbà. Ẹ gba ìyọ̀ǹda wọn ní ẹnu, kí kámẹ́rà sì ká a sílẹ̀, nítorí pé ìwé lásán kì í ye ọ̀pọ̀ nínú wọn, wọ́n sì máa ń bẹ̀rù ohun tí ẹ fẹ́ kí wọ́n tẹ̀ka sí. Ẹ̀ẹ̀kan kò tó. Bí oṣù mẹ́ta bá kọjá, ẹ tún béèrè.

Ẹlẹ́rọ Ohùn:

Ọ̀rọ̀ ohùn ni mo bá wá, nítorí pé ibẹ̀ ni fíìmù ìgboro ti máa ń kú. Ẹ̀rọ ata, kẹ̀kẹ́ Máúwà, gbohùngbohùn àwọn alágbo, jẹnẹrétọ̀ ìsọ̀ tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́, gbogbo rẹ̀ ni yóò wọ inú máìkì tó wà lórí kámẹ́rà ní ọgbọọgba, ẹni tó ń wò ó kò sì ní gbọ́ ohun tí màmá ń sọ. Ra máìkì kékeré tí wọ́n ń fi há aṣọ kí o tó ra lẹ́ǹsì kẹta. Fi pílásítà lẹ̀ ẹ́ mọ́ inú ọrùn bùbá, kí o sì bẹ màmá pé kí wọ́n wọ ańkárá tí wọ́n ti fọ̀ dáadáa, nítorí pé ańkárá tuntun tó ṣì ní ṣítáàṣì lára máa ń dún ní etí bí ìgbà tí ènìyàn ń rìn lórí ewé gbígbẹ. Má ṣe bi wọ́n ní ìbéèrè nígbà tí ẹ̀rọ bá ń lọ. Ẹni tó bá ń lọ ata máa ń sọ̀rọ̀ ní ìgbà tó bá pa ẹ̀rọ tó ń wá ṣéńjì, ìgbà yẹn gan-an ni kí kámẹ́rà ti wà ní títàn. Kí o tó kúrò níbẹ̀ lójoojúmọ́, gba ariwo ibẹ̀ sílẹ̀ fún ìṣẹ́jú kan gbáko láìsí ẹni tó ń sọ̀rọ̀ nítòsí rẹ. Ìwọ yóò nílò rẹ̀ nígbà tí o bá ń so àwòrán pọ̀.

Nípa ìmọ́lẹ̀, iná mànàmáná ilẹ̀ wa jẹ́ 50 Hz, ìyẹn ni pé ó ń lọ ó ń bọ̀ ní ìgbà 50 ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Fi kámẹ́rà sí àwòrán 25 ní ìṣẹ́jú àáyá kan, kí o sì fi ṣọ́tà, ìyẹn àkókò tí kámẹ́rà fi ń gba ìmọ́lẹ̀ fún àwòrán kọ̀ọ̀kan, sí 1/50 ìṣẹ́jú àáyá, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ gílóòbù yóò máa ṣẹ́jú nínú fídíò rẹ. Jẹnẹrétọ̀ kékeré kì í dúró lórí iye yẹn, ó ń lọ sókè ó ń bọ̀ nílẹ̀, nítorí náà bí wọ́n bá tan jẹnẹrétọ̀, ya ìṣẹ́jú àáyá mẹ́wàá, kí o sì wò ó padà kí o tó tẹ̀síwájú. Ní àkókò ọyẹ́, má ṣe pààrọ̀ lẹ́ǹsì ní gbangba ọjà.

Akẹ́kọ̀ọ́jáde FUTA:

Mo fẹ́ fi ìṣirò kan kún un. Bí kámẹ́rà rẹ bá ń gba 100 megabit sílẹ̀ ní ìṣẹ́jú àáyá kan, wákàtí kan yóò gba nǹkan bíi 45 GB. Bí o bá ya wákàtí 60, ó ti di 2,700 GB nìyẹn, ẹ̀dà kan péré. O gbọ́dọ̀ ní ẹ̀dà méjì ó kéré tán, kí ọ̀kan má sì sí nínú ilé tí o ń gbé. Òrùlé mi jò ní alẹ́ ọjọ́ kan nínú oṣù Kẹsàn-án, omi sì wọ inú àpótí tí mo kó háàdì dírìáìfù méjèèjì sí. Iṣẹ́ oṣù mọ́kànlá lọ bẹ́ẹ̀. Láti ìgbà náà, ilé ẹ̀gbọ́n mi ní ojú ọ̀nà Ọ̀dà ni ẹ̀dà kejì máa ń wà, mo sì máa ń gbé e lọ síbẹ̀ ní gbogbo ọjọ́ Àìkú.

Agbẹjọ́rò Alágbàka:

Mo kí gbogbo yín. Ọ̀rọ̀ òfin díẹ̀ ni mo fẹ́ sọ, ó sì dára kí ó tètè mọ̀ ọ́n. Lábẹ́ Òfin Ẹ̀tọ́ Oníṣẹ́ Ọpọlọ ti ọdún 2022, ẹni tó ṣètò bí fíìmù ṣe di ṣíṣe ni òfin kà sí oní-fíìmù, àyàfi bí ìwé àdéhùn bá sọ ohun mìíràn. Òfin yẹn kan náà béèrè pé kí ó ti bá gbogbo ẹni tí yóò lo iṣẹ́ rẹ̀ nínú fíìmù náà ṣe àdéhùn lórí ìwé kí iṣẹ́ tó bẹ̀rẹ̀. Onílù tó lu ìlù fún ọ, ẹni tó kọ orin, ọ̀rẹ́ tó ya àwòrán ojú ọ̀run fún ọ ní ọ̀fẹ́: kọ ìwé pẹ̀lú gbogbo wọn, kódà kí ó jẹ́ ojú ìwé kan péré. Mo ti rí i tí ìjà lórí orin há fíìmù tó dára mọ́ inú kọ̀ǹpútà fún ọdún mẹ́ta. Bí ẹ̀rọ orin bá ń kọ orin olókìkí ní ìsọ̀ tó wà lẹ́yìn màmá, bẹ̀ wọ́n kí wọ́n dín in kù, tàbí kí o dúró.

Bákan náà, nígbà tí àjọ kan bá gbé iṣẹ́ fún ọ, ka ibi tó sọ nípa àwòrán tí wọn kò lò. Ọ̀pọ̀ ìwé àdéhùn ló ń kó gbogbo ohun tí o yà fún ẹni tó sanwó. Bẹ̀bẹ̀ pé kí àwòrán ìgboro tí kò sí nínú fídíò wọn jẹ́ tìrẹ. Ohun tí o yà lónìí ní àdúgbò Àdégbọlá lè jẹ́ ẹ̀rí kan ṣoṣo tó kù lẹ́yìn ogún ọdún nípa bí ibẹ̀ ṣe rí.

Bí o bá fẹ́ fi fíìmù náà han gbogbo ènìyàn, mú un lọ sọ́dọ̀ àjọ ìjọba àpapọ̀ tó ń yẹ fíìmù àti fídíò wò, NFVCB, èyí tí òfin ọdún 1993 dá sílẹ̀. Má sì ṣe fi dúróònù ya ìlú láìgba àṣẹ. Àjọ NCAA tó ń bójú tó ìrìnnà ọkọ̀ òfuurufú àti ọ́fíìsì Olùdámọ̀ràn Ààrẹ lórí ètò ààbò ni wọ́n ń fúnni ní àṣẹ náà. Fi orúkọ òwò rẹ sílẹ̀ ní CAC, àjọ ìjọba tó ń forúkọ ilé iṣẹ́ àti òwò sílẹ̀, nítorí pé ọ̀pọ̀ àjọ kì í sanwó sínú àkáǹtì ẹnì kan lásán.

Ará Ọ̀bà-Ilé:

Mo ti kọ ìwé ìbéèrè fún owó ìrànwọ́ ní ìgbà mẹ́rin kí wọ́n tó gbà mí lẹ́ẹ̀karùn-ún, nítorí náà ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí mo kọ́. IDFA Bertha Fund, àpò owó ìrànwọ́ ti àjọ̀dún fíìmù dọkumẹ́ńtárì IDFA ní Amsterdam, ti ń ran àwọn oníṣẹ́ dọkumẹ́ńtárì láti Áfíríkà, Éṣíà àti Látìn Amẹ́ríkà lọ́wọ́ láti ọdún 1998. Ní Èkó, àjọ̀dún iREP, tó jẹ́ ti fíìmù dọkumẹ́ńtárì nìkan, sábà máa ń wáyé ní oṣù Kẹta. Ibẹ̀ ni ẹ lè lọ pàdé àwọn tí Ará Òkè-Àró ń sọ, láìkó ẹrù kúrò ní Àkúrẹ́. Èmi máa ń lọ fún ọjọ́ mẹ́rin, mo sì máa ń padà wálé.

Àwọn tó ń fúnni lówó kì í fẹ́ gbọ́ pé o fẹ́ ṣe fíìmù nípa ìlú. Ẹni tí o fẹ́ yà, ohun tó lè yí padà ní ayé rẹ̀ láàárín ọdún kan tàbí méjì, àti ìdí tó fi jẹ́ ìwọ ni ó yẹ kó yà á ni wọ́n ń béèrè. Wọ́n tún fẹ́ rí ìṣẹ́jú márùn-ún nínú ohun tí o ti yà. Ní ìgbà mẹ́rin tí wọ́n kọ̀ fún mi, ọ̀rọ̀ ńlá ńlá nípa ìdàgbàsókè ìlú ni mo kọ. Ní ẹ̀ẹ̀karùn-ún, mo kọ nípa bàbá kan tó jẹ́ akọ̀wé ní ilé iṣẹ́ ìjọba, tó kó fáìlì lọ sí Adó-Èkìtì nígbà tí wọ́n yọ Èkìtì kúrò lára Ìpínlẹ̀ Oǹdó ní ọjọ́ 1 oṣù Kẹwàá ọdún 1996, tí àwọn ọmọ rẹ̀ sì kọ̀ láti bá a lọ. Ó ṣì ń wá sí Àkúrẹ́ ní gbogbo ọjọ́ Ẹtì.

Ẹ jọ̀wọ́, ẹ ronú sí èyí: ọjọ́ 3 oṣù Kejì ọdún 1976 ni wọ́n dá Ìpínlẹ̀ Oǹdó sílẹ̀ tí Àkúrẹ́ sì di olú ìlú. Ẹni tó pé ogún ọdún nígbà náà ti wà ní nǹkan bí àádọ́rin ọdún báyìí. Àwọn tó rántí bí Alágbàka ṣe rí kí ilé ìjọba tó gba ibẹ̀ ń lọ ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, a kò sì gba ohùn wọn sílẹ̀. Ṣùgbọ́n bí ẹ bá dé orí ọ̀rọ̀ rògbòdìyàn ìbò gómìnà ọdún 1983 àti ilé tó jóná ní ìlú yìí, ẹ rọra. Àwọn ìdílé kan kò tíì sunkún wọn tán. Ẹ jẹ́ kí àgbà náà fúnra rẹ̀ dárúkọ rẹ̀ kí ẹ tó bi í.

Ará Ìjàpọ̀:

Ẹ ṣeun gidigidi, mo ti ń kọ gbogbo rẹ̀ sílẹ̀. Ìbéèrè kan ló ṣẹ́kù tó ń dà mí láàmú: ṣé kí n máa san owó fún màmá náà?

Oníkámẹ́rà Oǹdó:

Má ṣe sanwó kí wọ́n lè sọ̀rọ̀, nítorí pé ẹni tí a bá sanwó fún yóò máa wá ohun tí a fẹ́ gbọ́. Ṣùgbọ́n bí o bá fi iṣẹ́ rẹ dí oníbàárà wọn lọ́wọ́ fún wákàtí kan, san owó wákàtí náà.

Ọmọ Erékẹ̀sán:

Mo fara mọ́ ọn, mo sì fi kún un pé kí ẹ sọ ọ̀rọ̀ owó ní ìbẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú ẹlẹ́rìí, kì í ṣe ní ìparí. Ẹ sọ pé bí fíìmù náà bá mú owó wọlé, ipa kan báyìí jẹ́ tiwọn, kí ẹ sì kọ ọ́ sílẹ̀. Nígbà tí ó bá parí, kí ó tó dé Èkó tàbí òkè òkun, ẹ ta aṣọ funfun mọ́ ògiri nínú ọgbà kan nítòsí ọjà ní alẹ́, kí àwọn tó wà nínú rẹ̀ kọ́kọ́ rí i. Bí wọ́n bá ní ibì kan kò tọ́, ẹ ṣì lè tún un ṣe.

Ará Ìjàpọ̀:

Mo padà wá jábọ̀. Mo lọ ní àárọ̀ Ọjọ́bọ̀, n kò mú kámẹ́rà dání. Mo gbé tàtàṣé àti ata rodo ilé wa lọ. Wọ́n bi mí pé ọmọ ta ni mí, mo dá wọn lóhùn, wọ́n sì ní àwọn mọ ìyá màmá mi. Bí a ṣe ń sọ̀rọ̀ ni bẹ́líìtì ẹ̀rọ náà yọ. Wọ́n fún mi ní tọ́ọ̀ṣì mú, mo dúró bẹ́ẹ̀ fún nǹkan bí ogún ìṣẹ́jú títí wọ́n fi tún un fi sí ipò, ata sì wà ní gbogbo ọwọ́ mi. Mo sọ ohun tí mo fẹ́ ṣe fún wọn. Wọn kò dáhùn lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀. Nígbà tí mo lọ ní ẹ̀ẹ̀kẹta, wọ́n ní kí n gbé kámẹ́rà wá ní ọjọ́ Ajé, kí ó tó di aago méje, ṣùgbọ́n kí n má ṣe ya ẹsẹ̀ òsì àwọn, nítorí ọgbẹ́ kan tó wà níbẹ̀. Mo ti kọ ọ́ sí ojú ewé àkọ́kọ́ nínú ìwé iṣẹ́ mi.